Ẹ Jẹ́ Kí Orest Dubyk Padà Sórí Yìnyín

27, Òpópónà Kẹta,
Dunvale,
Saskatchewan.

Ọjọ́ Kẹrin, Oṣù Kọkànlá, 2019.

Alága àti Ọmọ Ìgbìmọ̀,
Ìgbìmọ̀ Alábòójútó Pápá Yìnyín,
Gbọ̀ngàn Ìlú,
Dunvale.

Ẹ̀yin Ọ̀gá,

Ẹ̀BẸ̀ LÓRÍ ÌDÁJỌ́ TÍ Ẹ FI LÉ Ọ̀GBẸ́NI OREST DUBYK KÚRÒ LÓRÍ YÌNYÍN TÍTÍ LÁÉ

1. Orúkọ mi ni Kalyna Dubyk. Ọmọ-ọmọ Ọ̀gbẹ́ni Orest Dubyk ni mí, èmi ni mo sì ń tọ́jú rẹ̀ láti oṣù Karùn-ún ọdún yìí tí mo ti parí ẹ̀kọ́ mi lókè òkun tí mo padà wálé. Mò ń kọ̀wé nítorí lẹ́tà tí ẹ fi ránṣẹ́ sí ilé wa ní ọjọ́ kẹsàn-án oṣù Kẹwàá. Ìlà mẹ́ta péré ni lẹ́tà náà. Ó ní, lábẹ́ òfin keje yín, nítorí ìwà ipá tí bàbá àgbà mi hù ní ọjọ́ Àìkú, ọjọ́ kẹfà oṣù náà, kò gbọdọ̀ tẹ orí yìnyín Dunvale mọ́ títí láé.

2. N kò wá sọ pé nǹkan náà kò ṣẹlẹ̀. Ó ṣẹlẹ̀. Ojú mi ló ṣe. Ohun tí mò ń bẹ̀bẹ̀ fún kò pọ̀: wákàtí kan lọ́sẹ̀, ní àárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, nígbà tí kò sí ẹlòmíràn lórí yìnyín. Ṣùgbọ́n kí ẹ tó dá mi lóhùn, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n to ọ̀rọ̀ náà láti ìbẹ̀rẹ̀, nítorí nínú ìlà mẹ́ta yẹn, n kò rí ẹni tí mo mọ̀.

3. Ọdún 1949 ni wọ́n bí Orest Dubyk, ní oko kan tó wà ní nǹkan bíi kìlómítà mẹ́jọ sí ìlú yìí. Metro Dubyk, bàbá rẹ̀, kò gbá họ́kì rí láyé rẹ̀. Àmọ́ bí oṣù Kọkànlá bá ti dé, á rìn lọ sí etí adágún tí àwọn màlúù ti ń mumi, á fi gìgísẹ̀ bàtà gbá yìnyín, á tẹ́tí sí ìró rẹ̀. Tó bá ti dún bó ṣe fẹ́, á padà wálé, á sọ fún àwọn ọmọ rẹ̀ pé, "Ó ti dì. Ẹ máa lọ kán lẹ́sẹ̀." Bàtà onírin tí bàbá àgbà mi fi kọ́ eré sísá lórí yìnyín, ti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ni, ìbọ̀sẹ̀ onírun mẹ́ta ló máa ń wọ̀ kí bàtà náà tó lè bá ẹsẹ̀ rẹ̀ mu. Ó sọ fún mi rí pé bí òun bá gbóòórùn irun àgùntàn tútù tí wọ́n sá sẹ́gbẹ̀ẹ́ iná, ńṣe ló máa ń ṣe òun bíi pé kí òun fi oúnjẹ sílẹ̀ kí òun máa lọ.

4. Nígbà tó pé ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún, ẹgbẹ́ họ́kì àwọn ọ̀dọ́ kan, ní ìlú tó jìn tó ẹgbẹ̀ta kìlómítà, wá mú un. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń ṣe é nígbà yẹn, bẹ́ẹ̀ náà ni wọ́n ṣì ń ṣe é: ọmọ á fi ilé bàbá rẹ̀ sílẹ̀, á lọ máa gbé lọ́dọ̀ ìdílé tí kò mọ̀ rí, á sì ti máa pe ìyá ilé náà ní Mọ́mì kó tó di Kérésìmesì. Ìyá rẹ̀ di ọgọ́rùn-ún pyrohy, oúnjẹ ìyẹ̀fun tí wọ́n ki ọ̀dùnkún sínú rẹ̀, sínú àpò fún un, gbogbo rẹ̀ dì gbagidi. Àfi bó ṣe gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rọ tó ń mú inú bọ́ọ̀sì gbóná. Nígbà tí yóò fi débẹ̀, ó ti lẹ̀ pọ̀ di odidi kan ṣoṣo, ó tóbi tó ìrọ̀rí. Ó gbé e fún obìnrin tó gbà á sílé, ó ní, "Ìyá mi ní kí n kí yín." Obìnrin náà fi ọ̀bẹ gé e bíi búrẹ́dì, ó dín in, gbogbo ilé sì jẹ ẹ́.

5. Ọdún mẹ́tàlá ló fi gbá họ́kì gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ òòjọ́, láti 1968 sí 1981. Kì í ṣe ẹni tó ń jẹ gólù. Ẹ̀yìn ló ń dúró, iṣẹ́ rẹ̀ ni láti dènà ẹni tó bá ń fi ọ̀pá gbá rọ́bà pẹlẹbẹ eré náà bọ̀. Nígbà tí mo wà ní ọmọ ọdún mẹ́sàn-án, mo bi í léèrè ìdí tí kò fi sí ife-ẹ̀yẹ kankan nínú ilé. Ó ní, "Ẹni tó bá tẹrí ba, tó ń wo rọ́bà nìkan, kò rí mi. Iṣẹ́ mi ni pé kó rí mi. Tó bá ti rí mi lẹ́ẹ̀kan, kò ní tẹrí ba mọ́." Mo ní, "Ṣé ó máa ń dùn wọ́n?" Ó ní, "Ó ń dun èmi náà. Àmọ́ èmi mọ̀ pé ó ń bọ̀." Ẹ̀yin náà mọ òfin eré wa: ẹni tí rọ́bà wà lọ́dọ̀ rẹ̀, tó bá tẹrí ba kọjá ìlà búlúù tí wọ́n fà sórí yìnyín, a lè fi ara gbá a. Wọn kì í ka ìyẹn sí ìjà.

6. Ìyá àgbà mi, Pauline, bá a kiri. Ìlú mẹ́jọ ni wọ́n gbé láàárín ọdún mọ́kànlá. Àwọn ẹ̀wù ẹgbẹ́ tó ti gbó ló máa ń fi wé àwo rẹ̀ nígbà tí wọ́n bá ń kó lọ, wọn ò sì tú òmíràn nínú wọn títí a fi wá tú u lẹ́yìn ikú rẹ̀ ní 2011: àwo ọbẹ̀ nínú ẹ̀wù Tulsa, ife tíì nínú ẹ̀wù Rochester. Bàbá mi kọ́ ìrìn nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀ pápá yìnyín kan ní Fort Worth, láàárín àwọn ọkùnrin tí kò léyín iwájú. Bí òtútù bá ti kásẹ̀ nílẹ̀, wọn á kó sínú ọkọ̀, wọn á wà á fún ọjọ́ mẹ́ta wá sílé kí bàbá àgbà mi lè bá wọn gbin àlìkámà. Bí wọ́n bá ti kórè tán, wọn á tún gbéra. Ìyá àgbà mi sọ fún mi pé, "Imú ni mo fi ń mọ oṣù. Tí mo bá gbóòórùn ilẹ̀ tútù, a wà nílé. Tí mo bá gbóòórùn ìbọ̀wọ́ họ́kì, a ti lọ." Ó ń rẹ́rìn-ín nígbà tó ń sọ ọ́. Kò fìgbà kan sọ èyí tó fẹ́ràn jù fún mi.

7. Eré mọ́kànlá ni bàbá àgbà mi gbá nínú líìgì ńlá, ní oṣù Kìíní àti oṣù Kejì ọdún 1974. Mẹ́ta nínú àwọn tó ń dènà nínú ẹgbẹ́ náà ló fara pa láàárín ọ̀sẹ̀ kan, ni wọ́n bá ránṣẹ́ pè é. Àwọn tó dàgbà nínú yín á rántí. Àwọn ará ìlú máa ń pé jọ sí gbọ̀ngàn ìjọ ní ìrọ̀lẹ́ Sátidé, níwájú tẹlifíṣọ̀n tí Lloyd Kasper gbé wá láti ilé. Ọ̀rẹ́ bàbá àgbà mi láti kékeré ni Lloyd. Bí ẹnì kan ò bá di irin orí tẹlifíṣọ̀n náà mú, ńṣe ni nǹkan funfun bí òjò dídì máa ń bo àwòrán. Nínú eré kọkànlá, bàbá àgbà mi ta rọ́bà láti ìlà búlúù, ó ba ẹlòmíràn lẹ́sẹ̀, ó wọlé. Wọ́n ka gólù fún ẹlẹ́sẹ̀, wọ́n ka ìrànwọ́ fún bàbá àgbà mi. Sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ sì pè é ní Dubrick. Lloyd, tó ń pe bàbá àgbà mi ní Dubby, ṣì máa ń sọ ọ́ ní ilé kọfí: "Ìyá Dubby bọ́ bàtà, ó sọ ọ́ lu tẹlifíṣọ̀n. Ó ní, 'Dubyk ni, ìwọ ewúrẹ́ yìí, Dubyk.' Èmi ni mo ń di irin mú. Ibí ni bàtà yẹn ti bà mí." Á wá fi ọwọ́ kan etí rẹ̀.

8. Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, akọ́nimọ̀ọ́gbá pè é sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Bàbá àgbà mi sọ èyí fún mi tó ìgbà ogún, kò sì fìgbà kan fajú ro: "Ó ní, 'Dubby, o ṣe dáadáa. Kó àwọn ọ̀pá rẹ dání.' Tí wọ́n bá ti ní kí o kó ọ̀pá rẹ dání, kò sí ohun tó kù láti bèèrè." Kò padà sí líìgì ńlá mọ́. Ó gbá họ́kì fún ọdún méje sí i láwọn ìlú kéékèèké, nítorí, gẹ́gẹ́ bó ṣe máa ń wí, yìnyín kì í bèèrè irú líìgì téèyàn wà.

9. Ó padà sí Dunvale ní 1981. Lọ́sàn-án, ọkọ̀ àlìkámà ló ń wà. Láti aago mẹ́rin, ó ti wà ní pápá yìnyín. Ọdún mẹ́rìnlélógún ló fi kọ́ àwọn ọmọ ìlú yìí. Mẹ́ta nínú ẹ̀yin márùn-ún tó wà nínú Ìgbìmọ̀ ló kọ́ bí wọ́n ṣe ń yí padà lórí yìnyín lọ́wọ́ rẹ̀. N kò sọ èyí láti fi ṣe ìrégún. Mo sọ ọ́ nítorí pé ẹ mọ ohùn rẹ̀. Arábìnrin Fehr, Alága wa, ẹ̀yin ni ẹ sọ níbi ìsìnkú ìyá àgbà mi pé títí dòní, bí ẹ bá ń rìn nínú ọjà, ẹ ṣì máa ń gbọ́ ọ lẹ́yìn yín: "Gbé orí sókè, Darlene. Yìnyín nìkan ló wà nílẹ̀ níbẹ̀." Ẹ̀yin náà wà nínú bọ́ọ̀sì lọ́dún 1986, nígbà tó dúró nínú òjò dídì lójú ọ̀nà Kelsey. Bàbá àgbà mi ní kí gbogbo ọmọ sọ̀ kalẹ̀, ó fi ìbọ̀wọ́ méjì ṣe ojú gólù lórí títì tó ti dì, ó ní kí wọ́n gbá a kí òtútù má bàa pa wọ́n. Nígbà tí ọkọ̀ tó ń kó òjò dídì kúrò lọ́nà fi dé, awakọ̀ náà yọ orí síta, kò bèèrè bóyá wọ́n wà láàyè. Ó ní, "Ta ló ń borí?"

10. Nígbà tí mo wà nílé ẹ̀kọ́ lókè òkun, ọjọ́ọjọ́ Àìkú ló máa ń bá mi sọ̀rọ̀ lórí fóònù. Kì í bèèrè ìwé tí mò ń kà. Yìnyín ló máa ń ròyìn fún mi: "Ó le lónìí. Omi gbígbóná ni Garth tó ń tọ́jú pápá fi tún un ṣe, mo ti sọ fún un látọjọ́ yìí." Lọ́jọ́ Àìkú kan, ó ròyìn yìnyín tán, ó wá ní, "Ẹ má bínú, ta ni mò ń bá sọ̀rọ̀ ná?" Ìdí tí mo fi padà wálé nìyẹn.

11. Ó ti tó ọdún mẹ́rin tí iyè rẹ̀ ti ń ra. Dókítà sọ pé ó ṣeé ṣe kó jẹ́ gbogbo gbígbá tí orí rẹ̀ gbá láyé ọjọ́un; wọn kì í sábà dé akoto nígbà náà. Orúkọ ìyá àgbà mi ló kọ́kọ́ pòórá, ó padà dé, ó tún lọ. Lẹ́yìn náà, ọ̀nà ilé ìdáná. Lẹ́yìn náà, bọ́tìnì ẹ̀wù. Nígbà mìíràn, ó máa ń pè mí ní Pauline. Nígbà mìíràn, á bi mí tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀ pé aago mélòó ni bọ́ọ̀sì máa gbéra. Ṣùgbọ́n bí mo bá gbé bàtà onírin rẹ̀ fún un, ọwọ́ rẹ̀ á mọ ohun tó fẹ́ ṣe. Á fa okùn náà láti ìsàlẹ̀ dókè, á máa ka ihò rẹ̀ ní èdè ìyá rẹ̀, kò sì ní ṣì í. Tó bá ti bọ́ sórí yìnyín, ẹ̀yìn rẹ̀ tó ti tẹ̀ á nà. Á sáré yí pápá ká, á tún fi ẹ̀yìn sáré padà. Láàárín wákàtí yẹn, n kò ní láti sọ ẹni tí mo jẹ́ fún un. Orúkọ mi ló máa ń pè. Kò sí ibòmíràn tó ti ń pè é mọ́.

12. Ní ọjọ́ kẹfà oṣù Kẹwàá, a lọ sí wákàtí gbogbo ènìyàn, tí ẹnikẹ́ni lè sáré lórí yìnyín, ní aago méjì ọ̀sán, bí a ti máa ń ṣe. Ẹni bí ogún ló wà lórí yìnyín, gbogbo wọn ń yí ká sí apá kan náà. Ọ̀dọ́kùnrin kan, Colby Wenzel, ẹni ogún ọdún, gé àárín pápá kọjá. Ẹ̀wù pupa ẹgbẹ́ Kelsey ló wọ̀, èyí tó yá lọ́wọ́ ìbátan rẹ̀. Ẹ sì mọ̀ pé ẹ̀wù ọ̀tá wa lórí yìnyín ni ẹ̀wù pupa yẹn nílùú yìí. Fóònù wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó tẹrí ba, ó ń kọ nǹkan sí i, ó sì kọjá ìlà búlúù bẹ́ẹ̀. Mo rí bí ojú bàbá àgbà mi ṣe yí padà. Mo pè é, ṣùgbọ́n ó ti pẹ́ jù. Kò fi igbọ̀nwọ́ kan Colby, kò sì kàn án lórí. Ìbàdí ló fi gbá a, bí wọ́n ṣe kọ́ ọ ní 1965. Colby fò sókè, ó fẹ̀yìn balẹ̀. Ọrùn ọwọ́ rẹ̀ wú, fóònù rẹ̀ fọ́. Mo tọrọ àforíjì lọ́wọ́ òun àti àwọn òbí rẹ̀ lọ́jọ́ náà, mo tún ń tọrọ rẹ̀ níhìn-ín. Ó lè jẹ́ ọmọdé ló gbá. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀, n kò sì fojú kéré rẹ̀.

13. Ohun tí kò sí nínú lẹ́tà yín ni èyí tó tẹ̀ lé e. Kò sí rẹfirí níbẹ̀, ẹnikẹ́ni ò fọn fèrè. Bàbá àgbà mi dúró títí wọ́n fi gbé Colby dìde. Ó wá yí padà, ó sáré lọ tààrà sí àgọ́ ìjìyà, níbi tí ẹni tó bá ṣẹ̀ ti ń jókòó títí ìṣẹ́jú rẹ̀ á fi pé. Ó ṣílẹ̀kùn, ó wọlé, ó tì í, ó jókòó, ó gbé ọwọ́ lé orúnkún, ó ń wo aago ńlá tó wà lókè. Aago náà kò tàn. A kì í tàn án ní wákàtí gbogbo ènìyàn.

Mo wọlé tọ̀ ọ́. Mo ní, "Bàbá àgbà, ẹ jẹ́ ká máa lọ sílé." Ó ní, "Mi ò tíì jìyà tán. Ṣé o fẹ́ kí wọ́n fi ìṣẹ́jú méjì kún un fún mi ni?" Ọ̀gbẹ́ni Garth Pelley, máníjà pápá, wá, ó ní, "Ọ̀gbẹ́ni Dubyk, ẹ ti lè jáde." Bàbá àgbà mi wò ó látòkè délẹ̀. Ó ní, "Ta ló sọ bẹ́ẹ̀? Ṣé o ò rí aago ni?" Ọ̀gbẹ́ni Pelley fẹ́ pe ọlọ́pàá. Mo bẹ̀ ẹ́ pé kó pe Lloyd Kasper.

Àádọ́ta ìṣẹ́jú ni bàbá àgbà mi fi jókòó síbẹ̀. Sílípáàsì ló wà lẹ́sẹ̀ Lloyd nígbà tó dé. Kò bá a jiyàn. Ó lọ jókòó sí àyè ẹni tó ń ṣọ́ aago, ó tàn án, ó fi ìṣẹ́jú méjì sí i, ó tẹ̀ ẹ́. Ó ké láti ibẹ̀ pé, "Dubby, kí lo tún ṣe?" Bàbá àgbà mi ní, "Kelsey ni. Ó tẹrí ba." Lloyd ní, "Bí wọ́n ṣe ń bí wọn níbẹ̀ nìyẹn." Gbogbo àwa tó wà níbẹ̀ dúró, a ń wo nọ́ńbà tó ń lọ sílẹ̀. Nígbà tó dé òdo, bàbá àgbà mi dìde, ó ṣílẹ̀kùn fúnra rẹ̀, ó lọ bá Colby létí pápá, ó bọ́ ìbọ̀wọ́, ó na ọwọ́ sí i. Wọ́n bọ ara wọn lọ́wọ́.

14. Mo fi ìwé tí Colby Wenzel fọwọ́ ara rẹ̀ kọ mọ́ èyí. Ó ní: "Mo tẹrí ba. Kò sí ẹni tó dàgbà nílùú yìí tí wọn ò sọ fún pé kó má tẹrí ba. Bàbá mi ní òun náà jẹ irú rẹ̀ lọ́wọ́ Ọ̀gbẹ́ni Dubyk nígbà ìdánrawò ní 1988. Mi ò fẹ́ kí wọ́n lé Ọ̀gbẹ́ni Dubyk." Ní ọ̀sẹ̀ yẹn, mo wà ní ilé kọfí nígbà tí Marlys tó ń gbé kọfí níbẹ̀ bi Colby pé, "Ṣé ó ṣì ń dùn ọ́?" Ó ní, "Ó ń dùn mí, mà. Ṣùgbọ́n èmi náà ti wà lára àwọn tí Dubyk gbá." Àwọn àgbà tó wà nídìí tábìlì ojú fèrèsé sún fún un kó wá jókòó. Ẹ mọ̀ pé wọn kì í sún fún ẹnikẹ́ni.

15. Láti ìgbà tí lẹ́tà yín ti dé, ní gbogbo àárọ̀, bàbá àgbà mi á di àpò họ́kì rẹ̀, á jókòó sẹ́nu ọ̀nà, á gbé e lé itan. Á bi mí pé, "Ó ku ìṣẹ́jú mélòó?" Ní ìgbà àkọ́kọ́, mo ní, "Ó ku díẹ̀." Ó ní, "Díẹ̀ kì í ṣe nọ́ńbà, Pauline." Oúnjẹ rẹ̀ ti dínkù. Ó ti tó ọ̀sẹ̀ mẹ́rin tí kò ti pe orúkọ mi.

16. Ní ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n oṣù Kẹwàá, mo wọ balùwẹ̀. Nígbà tí mo jáde, kò sí nílé. Marlys tó ń mú ajá rẹ̀ rìn ló bá a létí adágún tó wà lẹ́yìn ilé ìkó-àlìkámà. Ó ti wọ bàtà onírin kan, èkejì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Yìnyín adágún náà kò nípọn ju àwo tíì lọ. Ó ń fi gìgísẹ̀ bàtà kejì kàn án, ó ń tẹ́tí. Marlys ní, "Ọ̀gbẹ́ni Dubyk, kí lẹ wá ṣe níbí?" Ó ní, "Kò tíì dì dáadáa. Mò ń dúró dè é." Lọ́jọ́ yẹn, ó ṣì mọ̀ pé kò tíì dì. N kò mọ ọjọ́ tí ìmọ̀ yẹn náà máa fi í sílẹ̀. Ẹ̀rù tó ń bà mí nìyẹn, òun gan-an ló sì jẹ́ kí n kọ ìwé yìí kíákíá: bí kò bá rí yìnyín tó le, yóò wá èyí tí kò le lọ.

17. Pẹ̀lú ọ̀wọ̀, mo ní ẹjọ́ méjì sí ìdájọ́ yín. Àkọ́kọ́, ẹ kò pè wá, ẹ kò sì pe Colby, kí ẹ tó dájọ́. Èkejì ni "títí láé" náà. Òfin keje tí ẹ tọ́ka sí sọ̀rọ̀ nípa ẹni tó mọ̀ọ́mọ̀ jà, oṣù mẹ́fà ló sì pọ̀ jù nínú ìjìyà tó wà níbẹ̀. Nínú eré wa yìí, ẹni tó bá tilẹ̀ fi ọ̀pá la ẹlòmíràn lórí, wọ́n á sọ ọjọ́ tó máa padà fún un. Lloyd ṣírò rẹ̀ pé bàbá àgbà mi ti jókòó sí àgọ́ ìjìyà ju ẹgbẹ̀rún méjì ìṣẹ́jú lọ nígbà tó ń gbá họ́kì. Kò fìgbà kan jáde kí àkókò tó pé. Ó mọ bí wọ́n ṣe ń jìyà. Èyí tí kò ní òpin ni kò mọ bí wọ́n ṣe ń jẹ.

18. Nítorí náà, mò ń bẹ̀ yín pé kí ẹ yọ̀ǹda yìnyín fún un láti aago mẹ́fà sí aago méje àárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, kí àwọn ọmọ iléèwé tó dé. Kò ní sí ẹlòmíràn níbẹ̀ ju òun, èmi àti Ọ̀gbẹ́ni Kasper lọ. Yóò dé akoto. Ó ti gbà, nígbà tí Lloyd sọ fún un pé òfin líìgì tuntun ni. N kò ní mú un wá sí wákàtí gbogbo ènìyàn mọ́. Mo ti bá Ọ̀gbẹ́ni Pelley sọ̀rọ̀. Ó ní òun máa ń wà níbẹ̀ láti aago márùn-ún lọ́nàkọnà, pé òun ò lòdì sí i bí ẹ bá fọwọ́ sí i, àti pé ẹnì kan ní láti máa wà níbẹ̀ tó lè sọ fún òun bí yìnyín náà ṣe rí.

19. Ìpàdé yín tó kàn jẹ́ ọjọ́ kejìlá oṣù yìí. Mo bẹ̀ yín, kí ẹ má sún ọ̀rọ̀ náà sí ọdún tuntun. Nọ́ọ̀sì tó ń wá sílé wa sọ fún mi lọ́sẹ̀ tó kọjá pé ó ṣeé ṣe kí èyí jẹ́ ìgbà òtútù ìkẹyìn tí ẹsẹ̀ rẹ̀ á lè gbé e dúró lórí irin. Láti ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé ìpàdé yín títí di ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n oṣù Kẹta tí ẹ máa yọ́ yìnyín, ọjọ́ Ìṣẹ́gun mọ́kàndínlógún ló wà níbẹ̀. Mo ti kà á léraléra.

20. Bí ẹ bá gbà, kò ní wá dúpẹ́ lọ́wọ́ yín. Kò ní mọ̀ pé ẹ̀yin ni. Nígbà tí a bá fi máa dé ilé, kò ní rántí pé a lọ. Èmi ni mo máa rántí fún àwa méjèèjì.

Ẹ ṣeun tí ẹ fara balẹ̀ kà á dé ìparí. Mò ń retí èsì yín.

Èmi ni tiyín, pẹ̀lú ọ̀wọ̀,

Kalyna Dubyk,
Ọmọ-ọmọ Orest Dubyk àti alágbàtọ́ rẹ̀.